Tọkọtaya ẹyẹ olójú pupa kọ́ ìtẹ́ sínú òdòdó tí mo fẹ́ gé ní Òkè-Fíà, Òṣogbo: ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Ìyá Ìbejì Òkè-Fíà, ọjọ́ Ajé, 11 oṣù Karùn-ún

Ẹ káàárọ̀ o, ẹ̀yin ará àti ojúlùmọ̀. Òdòdó kan wà lẹ́yìn ilé wa tí bàbá àwọn ọmọ mi gbìn yí ọgbà ká ní nǹkan bí ọdún mẹ́jọ sẹ́yìn; ó ti ga ju ènìyàn lọ báyìí, ó sì ti wọ́ mọ́ igi gúáfà tí ó wà ní igun ọgbà náà. A ní ìnáwó ní ọjọ́ 30 oṣù yìí, mo sì ti fún ẹni tí yóò gé òdòdó náà ní àsansílẹ̀ owó. Ṣùgbọ́n ní ọjọ́ Sátidé, bí mo ti ń sá aṣọ, ẹyẹ bíńtín kan fò jáde láti inú ewé, nígbà tí mo sì yọjú wo ibẹ̀, mo rí ìtẹ́ kan tí kò tóbi tó ife tíì, ẹyin méjì sì wà nínú rẹ̀.

Ohun tí ó yà mí lẹ́nu ni pé ẹyẹ méjì ló ń wá síbẹ̀, wọn kò sì jọra. Ọ̀kan dúdú lẹ́yìn, ọ̀fun àti ikùn rẹ̀ funfun, ó sì ní ọ̀já dúdú kan tí ó gba àyà rẹ̀ kọjá. Ọ̀fun èkejì rí bí awọ obì tí ó ti gbẹ. Síbẹ̀, àwọn méjèèjì ní ohun pupa kan lókè ojú bí ẹni tí ó kun osùn, ìdí nìyí tí àwọn ìbejì mi fi ń pè wọ́n ní Olójú-osùn. Ẹ jọ̀wọ́, irú ẹyẹ wo nìyí, ṣé oríṣi méjì ló ń du ìtẹ́ kan ni, àti pé ṣé a lè rọra gbé ìtẹ́ náà lọ sórí igi mìíràn kí iṣẹ́ lè tẹ̀ síwájú?

Ọmọ Òròkí

Ẹ kú ìmúra ìnáwó o, Mà. Lójú tèmi, ẹ̀gà ni wọ́n, nítorí pé ẹ̀gà ni mo mọ̀ tí akọ àti abo rẹ̀ kì í jọra. Ẹ lè máa bu ìrẹsì tàbí ọkà bàbà díẹ̀ sílẹ̀ fún wọn. Tí wọ́n bá ti mọ ibẹ̀, wọn yóò tẹ̀ lé oúnjẹ lọ sí ibi tí ẹ bá fẹ́ kí wọ́n wà.

Olùkọ́ Fẹ̀yìntì

Ìyá Ìbejì, ẹ kú àárọ̀. Mo kọ́ àwọn ọmọ ilé-ìwé ní ẹ̀kọ́ nípa ẹ̀dá oníyè títí tí mo fi fẹ̀yìn tì, nítorí náà kí Ọmọ Òròkí má bínú pé mo ta ko ọ̀rọ̀ rẹ̀. Ẹ̀gà kì í kọ́ ìtẹ́ tí ó rí bí ife. Ṣe ni ó máa ń hun ún bí àpò tí yóò gbé rọ̀ sórí imọ̀ ọ̀pẹ tàbí ẹ̀ka igi, ogunlọ́gọ̀ wọn ni yóò sì jọ wà lórí igi kan ṣoṣo, tí ariwo wọn kò ní í jẹ́ kí ará ilé gbọ́ ara wọn. Ẹyẹ tí ẹ ṣàpèjúwe yìí, méjì-méjì ni í gbé.

Orúkọ tí àwọn onímọ̀ ń pè é ni Platysteira cyanea, Common Wattle-eye sì ni ẹ óò rí bí ẹ bá wá a nínú ìwé ẹyẹ tàbí lórí fóònù. Onímọ̀ ará Jámánì kan tí ń jẹ́ Statius Müller ló kọ́kọ́ fi orúkọ ìmọ̀ ìjìnlẹ̀ fún un ní ọdún 1776. Ìdílé ẹyẹ tí ó ti wá kò sí ní ibòmíràn lágbàáyé àfi ní ilẹ̀ Áfíríkà, ní ìsàlẹ̀ aṣálẹ̀ Sàhárà. Gígùn rẹ̀ láti ṣóńṣó ẹnu dé ìrù kò ju nǹkan bí 13 sẹ̀ǹtímítà lọ, ṣùgbọ́n ara rẹ̀ ki pọ́pọ́, orí rẹ̀ sì tóbi díẹ̀ ju bí ènìyàn ṣe rò lọ.

Oríṣi kan náà ni àwọn méjèèjì. Tọkọtaya ni wọ́n. Akọ ni ọlọ́fun funfun tí ó ní ọ̀já dúdú láyà, tí ẹ̀yìn rẹ̀ dúdú tí ó ń dán. Abo ni ọlọ́fun àwọ̀ obì, ẹ̀yìn tirẹ̀ sì dà bí eérú tí ó ṣú. Bí ẹ bá fara balẹ̀ wò ó, ẹ óò rí funfun díẹ̀ lábẹ́ àgbọ̀n rẹ̀. Ohun pupa tí àwọn ìbejì ń pè ní osùn kì í ṣe ìyẹ́ rárá, ẹran ara ni, bí ògbe orí àkùkọ. Ẹ tún wò ó bóyá ilà funfun wà lára apá àwọn méjèèjì, nítorí pé ilà yẹn ni yóò fi wá lọ́kàn balẹ̀ pátápátá.

Ní ti ìrẹsì àti ọkà bàbà, ẹ fi wọ́n sílẹ̀ fún ẹyẹlé. Kòkòrò ni Olójú-osùn ń jẹ: eṣinṣin, labalábá kéékèèké, kòkòrò ajẹwé tí ó lẹ̀ mọ́ abẹ́ ewé, aláǹtakùn náà kò sì gbẹ́yìn. Ẹ wo bí ó ṣe ń ṣe é. Yóò bà sórí ẹ̀ka kan, yóò dákẹ́, yóò máa yí orí sọ́tùn-ún sósì, lẹ́yìn náà yóò fò wúyẹ́ lọ sí abẹ́ ewé kan, yóò já kòkòrò gbà níbẹ̀ láì dúró, yóò sì bà sórí ẹ̀ka mìíràn. Nígbà mìíràn, inú afẹ́fẹ́ gan-an ni yóò ti gbá eṣinṣin mú. Ẹnu rẹ̀ tí ó fẹ̀ tí ó sì pẹlẹbẹ ló mú kí ó lè ṣe èyí. Ẹnu ẹyẹ tí ń ṣa ọkà jẹ a máa kúrú, a sì máa nípọn bí ẹ̀mú.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má gbé ìtẹ́ náà. Ẹyẹ yìí máa ń fi òwú aláǹtakùn so ìtẹ́ rẹ̀ mọ́ ẹ̀ka igi, á sì fi ohun aláwọ̀ eérú tí ń hù sára èèpo igi lẹ ara rẹ̀ kí ó lè jọ kókó igi lásán. Bí ẹ bá fa ohun tí a fi òwú aláǹtakùn so ya, kò sí bí ẹ ṣe lè so ó padà. Yàtọ̀ sí èyí, ojú ibi tí ó yé ẹyin sí ni ìyá ẹyẹ mọ̀, ibẹ̀ ni yóò sì padà sí, kódà bí ìtẹ́ tirẹ̀ bá wà ní ìwọ̀n ẹsẹ̀ bàtà mẹ́wàá sí i.

Ìyá Ìbejì Òkè-Fíà

Ẹ ṣeun, Olùkọ́. Ilà funfun wà lára apá àwọn méjèèjì, mo ti lọ wò ó. Mo ti pe ẹni tí ó fẹ́ gé òdòdó náà, inú rẹ̀ kò dùn, ó ní òun ti fi ọjọ́ Ọjọ́bọ̀ sílẹ̀ fún mi, pé ta ni ó ń torí ẹyẹ dá iṣẹ́ dúró. Ní báyìí, ọ̀rọ̀ kan kù: ẹyẹ kan ń kọrin láti ìdájí, ohùn rẹ̀ dùn gan-an, ṣùgbọ́n n kò tíì rí ẹnu ẹni tí ń kọ ọ́. Ṣé òun náà ni?

Olùkọ́ Fẹ̀yìntì

Bí ohùn náà bá jẹ́ mẹ́fà, tí ó ń lọ ní mẹ́ta-mẹ́ta, òun ni. Ẹ rántí bí a ṣe ń kọ́ àwọn ọmọ ní àmì ohùn èdè Yorùbá: dò-re-mí, dò-re-mí. Bí Olójú-osùn ṣe ń kọrin gan-an nìyẹn, àfi bí ẹni pé ó jókòó sí kíláàsì mi. Nígbà tí nǹkan bá bà á lẹ́rù, kì í kọrin mọ́. Ohùn líle tí ó ń ta ṣáṣá ni yóò máa ké jáde. Àwọn baba wa sọ pé ẹyẹ kì í sọ fún ẹyẹ pé òkò ń bọ̀, ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí ológbò kan kọjá lábẹ́ gúáfà yẹn, ẹ óò rí i pé ọ̀rọ̀ náà kò kan tọkọtaya yìí.

Ọmọ Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun

Mo fẹ́ fi díẹ̀ kún ohun tí Olùkọ́ sọ, nítorí pé mo ń gbé nítòsí Igbó Ọ̀ṣun, mo sì ti ń wo ẹyẹ fún ọdún mélòó kan. Olójú-osùn ní ìbátan kan tí ó máa ń da ọ̀pọ̀ ènìyàn láàmú, tí ìwé ń pè ní Chestnut Wattle-eye. Akọ tirẹ̀ náà dúdú lẹ́yìn, ó funfun nísàlẹ̀, ó sì ní ọ̀já dúdú láyà, débi pé ènìyàn lè búra pé ọ̀kan náà ni wọ́n. Ṣùgbọ́n ìrù rẹ̀ kúrú bí ẹni pé wọ́n gé e, kò ní ilà funfun lápá, ẹran ara tí ó yí ojú rẹ̀ ká kò sì pupa bí osùn, àwọ̀ rẹ̀ sún mọ́ ti èso àgbálùmọ̀ tí ó ti bàjẹ́ ju bẹ́ẹ̀ lọ. Abẹ́ igbó kìjikìji níbi tí òòrùn kì í wọ̀ ni òun ń gbé, kì í wá sí ọgbà ẹnikẹ́ni ní Òkè-Fíà.

Olójú-osùn ní tirẹ̀ kì í fẹ́ inú igbó dúdú. Etí igbó ni ó fẹ́ràn, ibi tí igbó ti tún hù lẹ́yìn tí wọ́n ti gé e nígbà kan, àti ọgbà tí igi àti òdòdó bá ti sùpọ̀ mọ́ra. Ìdí rẹ̀ kò le: ibi tí ìmọ́lẹ̀ bá ti kan ewé ni ewé tuntun ti ń yọ, ewé tuntun ni kòkòrò ń jẹ, kòkòrò ni òun sì ń lé kiri. Igbó Ọ̀ṣun tí ó fẹ̀ tó nǹkan bí 75 hẹ́ktà, tí ìjọba àpapọ̀ kéde gẹ́gẹ́ bí ohun ìṣẹ̀ǹbáyé ní 1965, tí UNESCO sì fi kún ogún àgbáyé ní 2005, jẹ́ ibi tí a kò gbọdọ̀ ti ṣọdẹ, tí a kò sì gbọdọ̀ ti gé igi. Oore tí Àdùnní Olórìṣà (Susanne Wenger, oníṣẹ́ ọnà ará Ọ́sítríà) àti àwọn olùsìn Ọ̀ṣun ṣe fún ìlú yìí nígbà tí wọ́n dìde dáàbò bò ó kò ní òǹkà. Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí ó dà bí ẹni pé inú igbó yẹn nìkan ni ẹyẹ wa wà. Etí rẹ̀ ni mo ti ń gbọ́ dò-re-mí jù, lójú ọ̀nà, àti ní ẹ̀yìn àwọn ilé tí ó yí i ká.

Ẹni tí ó bá fẹ́ dá ohùn rẹ̀ mọ̀ lè fi Merlin, ètò orí fóònù tí ń dá ẹyẹ mọ̀, gbìyànjú, ọ̀fẹ́ ni. Ẹ kàn máa fi ojú yín gbe é lẹ́sẹ̀, nítorí pé ìgbà mìíràn wà tí jẹnẹrétọ̀ aládùúgbò kì í jẹ́ kí ó gbọ́ nǹkan kan.

Àgbẹ̀ Ìdó-Ọ̀ṣun

Ẹ jẹ́ kí èmi náà dá sí i, nítorí pé oko kòkó bàbá mi ni mo ti mọ ẹyẹ yìí. Nígbà tí òjò bá ti ń rọ̀ déédéé, àwọn ẹyẹ ajẹkòkòrò kéékèèké máa ń kó ara wọn jọ, oríṣi bíi mẹ́rin tàbí márùn-ún, wọn yóò máa ti orí igi kan dé òmíràn bí ẹni tí ń ṣe ọ̀wẹ̀. Èyí tí ó wà lókè ń ta kòkòrò jí, èyí tí ó wà nísàlẹ̀ ń gbá a mú. Ẹ óò rí Olójú-osùn méjì láàárín wọn, akọ àti abo, wọn kì í jìnnà síra.

Ohun tí mo fẹ́ kìlọ̀ fún Ìyá Ìbejì ni oògùn apakòkòrò. Ọ̀pọ̀ ènìyàn tí ó ní ìnáwó máa ń fín oògùn sí gbogbo ọgbà ní ọjọ́ méjì tàbí mẹ́ta ṣáájú kí ẹ̀fọn má baà jẹ àlejò. Bí ẹ bá fín in sórí òdòdó yẹn, ebi ni yóò kọ́kọ́ ba ọmọ ẹyẹ, nítorí pé kòkòrò nìkan ni àwọn òbí wọn ń bọ́ wọn. Bí àwọn òbí sì ti ń kó kòkòrò tí oògùn ti bà, májèlé ni wọ́n ń gbé wálé. Mo fín irú oògùn bẹ́ẹ̀ sí kòkó ní ọdún kan láì wo ọ̀tún wo òsì. Ìtẹ́ méjì ni mo rí lẹ́yìn náà tí ọmọ inú wọn ti kú. Láti ìgbà náà, mo máa ń rin àárín igi kọjá lákọ̀ọ́kọ́, mo sì máa ń fi aṣọ pupa sàmì sí igi tí ìtẹ́ bá wà lórí rẹ̀. Ní ti ẹ̀fọn, ẹ da omi inú táyà àti agolo nù, ẹ gbá gọ́tà mọ́, ìyẹn yóò ṣiṣẹ́ ju oògùn lọ.

Alágbàṣe Òdòdó

Àwọn tí ń pe iṣẹ́ wa ní iṣẹ́ àìnímọ̀ ni mo fẹ́ kí wọ́n ka èyí. Mà, ẹ sọ fún ẹni tí ẹ gbà pé kí ó gé ẹ̀gbẹ́ mẹ́ta ọgbà náà, kí ó fi igun gúáfà sílẹ̀. Kí ó dúró ní ó kéré tán ìṣísẹ̀ mẹ́wàá sí ìtẹ́ náà, kí ó sì fi àlùmọ́gàjí ọlọ́wọ́ ṣe apá tí ó súnmọ́ ibẹ̀ dípò ẹ̀rọ, nítorí pé ariwo ẹ̀rọ lè lé ìyá kúrò lórí ẹyin fún wákàtí kan gbáko. Ohun tí àwọn ènìyàn kì í rò ni òòrùn. Bí ẹ bá gé ewé orí ìtẹ́ kúrò, bí ẹ kò tilẹ̀ fọwọ́ kan ìtẹ́, òòrùn ọ̀sán lè pa ọmọ tí kò tíì híyẹ̀ẹ́, gbangba náà ni àwòdì yóò sì ti rí i. Kí a má gé ohunkóhun lókè ibẹ̀ tàbí ní iwájú rẹ̀.

Ẹ fi okùn dí ọ̀nà igun náà, kí ẹ so aṣọ mọ́ ọn. Ẹ tún rántí àwọn alásè. Mo ti lọ ṣiṣẹ́ ní ilé ìnáwó tó láti mọ̀ pé ẹ̀yìnkùlé, lábẹ́ òdòdó gan-an, ni wọ́n máa ń gbé àrò igi ìdáná sí. Èéfín ìkòkò ìrẹsì mẹ́fà láti òru mọ́jú kò ní í fi ẹyẹ kankan sílẹ̀.

Ìyá Olóúnjẹ Ìgbọ̀nà

Alásè ni mí, òótọ́ ni ó sọ. Ẹ fi àyè sílẹ̀ fún wa ní ẹ̀gbẹ́ ilé, a ó gbé àrò síbẹ̀, kò ní ni wá lára.

Ọmọ Òròkí

Mo ti gba ìtọ́ni o, Olùkọ́. Nǹkan mìíràn ni mo fẹ́ bèèrè. Ẹyẹ kan bí èyí tí ẹ ń sọ máa ń wá bá dígí ẹ̀gbẹ́ mọ́tò mi jà láràárọ̀ ní Òkè-Báálẹ̀, yóò máa fi ẹnu kàn án títí tí yóò fi rẹ̀ ẹ́. Ìyàwó mi ní kí n lọ wádìí.

Olùkọ́ Fẹ̀yìntì

Kò sí ohun tí ẹ fẹ́ wádìí níbẹ̀. Ẹyẹ tí ó ní àyè tirẹ̀ tí ó ń ṣọ́ máa ń rò pé òjìji ara rẹ̀ nínú dígí jẹ́ akọ mìíràn tí ó fẹ́ gba ilé rẹ̀. Ẹ fi ọ̀rá bo dígí náà nígbà tí ẹ bá ti dúró, yóò gbàgbé.

Ọmọ Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun

Ìyá Ìbejì, ẹ dín ìlọ́sí ìdí ìtẹ́ náà kù. Mo mọ̀ pé ó wu àwọn ọmọ láti máa yọjú wò ó, ṣùgbọ́n nígbàkigbà tí a bá ya ewé sọ́tọ̀, ọ̀nà ni a ń là fún alángbá, ejò àti ológbò. Ẹ jókòó sí fèrèsé, kí ẹ máa wò ó láti ibẹ̀ ní kùtùkùtù tàbí lẹ́yìn òjò, nígbà tí kòkòrò bá ń fò. Bí ẹ bá fẹ́ yà á ní fọ́tò, kí iná fóònù má tàn. Bí ọmọ kan bá já bọ́ sílẹ̀ tí kò tíì ní ìyẹ́, ẹ rọra dá a padà sínú ìtẹ́; irọ́ ni pé ìyá yóò kọ̀ ọ́ nítorí òórùn ọwọ́ ènìyàn. Bí ó bá ti ní ìyẹ́ tí ó sì ń fò pẹ́pẹ́pẹ́, ẹ fi sílẹ̀, àwọn òbí rẹ̀ ń wò ó láti orí igi. Kí ẹnikẹ́ni má sì gbé e sínú àgò bí ìbákà, nítorí pé ẹyẹ tí ń jẹ kòkòrò láti òwúrọ̀ ṣúlẹ̀ kò ní í rí oúnjẹ tí yóò tó o jẹ lọ́wọ́ yín.

Ìyá Ìbejì Òkè-Fíà, ọjọ́ Ẹtì, 5 oṣù Kẹfà

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta, ẹ̀yin ènìyàn mi. Mo ní kí n wá jíṣẹ́. Ẹ̀gbẹ́ mẹ́ta ni a gé, a fi igun gúáfà sílẹ̀ bí irun orí ẹni tí onígbàjámọ̀ sá fún, àwọn ẹ̀gbọ́n ọkọ mi sì bèèrè lọ́wọ́ mi lójú gbogbo ayé bóyá owó ló tán. Àwọn alásè gbé àrò wọn sí ẹ̀gbẹ́ ilé. Oògùn kankan kò kan ọgbà.

Ní nǹkan bí ọjọ́ 21 oṣù tó kọjá ni mo rí i pé ẹyin ti pa, nítorí pé tọkọtaya náà bẹ̀rẹ̀ sí í gbé kòkòrò wá. Mo jókòó sí fèrèsé pẹ̀lú ife tíì, mo kà á: ìgbà 14 ni wọ́n wá láàárín wákàtí kan, akọ àti abo ń gba ara wọn lẹ́yìn. Kòkòrò ajẹwé ni mo rí jù lẹ́nu wọn, èyí tí ó ń jẹ ẹ̀fọ́ tẹ̀tẹ̀ mi ní àjẹrun láti ọjọ́ yìí. Ní ọjọ́ ìnáwó, nígbà tí àwọn onílù dé, akọ náà gun orí òkè gúáfà, ó ké ohùn líle rẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, lẹ́yìn náà ó padà sẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀ bí ẹni tí kò gbọ́ nǹkan kan.

Àwọn ọmọ méjèèjì jáde kúrò nínú ìtẹ́ ní ọjọ́ Ọjọ́rú ìjẹta. Àwọ̀ eérú ni wọ́n ní, pupa ojú wọn kò tíì hàn, wọ́n sì jókòó sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn lórí ẹ̀ka gúáfà tí àwọn òbí ṣì ń wá bọ́ wọn. Ẹni tí ó gé òdòdó fún wa ní òun ń bọ̀ ní Sátidé tó ń bọ̀ láti wá parí igun tó kù. Mo ní kí ó mú sùúrù di oṣù Kẹjọ, ó sì ní òun yóò gba owó ọ̀nà lẹ́ẹ̀kejì.